Lọ́fíńdà Lára Ọmọ Ewúrẹ́

Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí pé kí ni ìyálé mi, Kúlúsúmù, fi ilé ayé ṣe, n ó sọ fún un pé ó fi bá òórùn jà. Ó bá òórùn ẹja jà, ó bá òórùn òógùn jà, ó bá òórùn ìtọ̀ ọmọ jà, ó sì bá òórùn ara èmi alára jà láti ọjọ́ tí wọ́n ti gbé mi wọ agbo ilé wa ní Bẹ́yẹrúnkà. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ da omi sí mi lẹ́sẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ni, bí a ti í ṣe fún ìyàwó, n kò tíì jókòó, nígbà tí obìnrin yìí fi imú kàn mí lọ́rùn.

Ó ní, "Ìyàwó, ta ló fi òróró yìí pa ọ́ lára? Ó ti kan."

Ó mú mi dìde, ó tún mi wẹ̀. Èmi ìyàwó tuntun! Ọjọ́ náà ni mo ti mọ̀ pé ẹjọ́ mi pọ̀ nínú ilé yẹn.

Iṣẹ́ rẹ̀ ló fà á. Ó ń ta tùràrí, tìróò, làálì, mísíkì àti lọ́fíńdà oríṣiríṣi ní Ọjà'ba, nísàlẹ̀ Mápó. Imú rẹ̀ mú, n kò ní tìtorí pé inú ń bí mi kí n sọ pé kò mú. Bí ẹ bá fi gèlè di ojú rẹ̀, tí ẹ to ìgò kalẹ̀ síwájú rẹ̀, yóò dárúkọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Bí ọmọ kan bá yọ́ wọ yàrá rẹ̀ nígbà tí kò sí nílé, kó tó bọ́ bàtà tán ni yóò ti pe ọmọ náà lórúkọ. Ṣùgbọ́n imú tó mú bẹ́ẹ̀ ni kò jẹ́ kí ó gbọ́ ti ẹnikẹ́ni. Lójú tirẹ̀, ohun tó bá ń ta sánsán sí Kúlúsúmù, gbogbo ohun tí Ọlọ́run dá ló gbọ́dọ̀ máa ta sánsán sí.

Nígbà tí mo bí Sàídì, àkọ́bí mi, òun ló ń wẹ̀ mí, nítorí òun ni ìyálé. Ní ọjọ́ kan, ó wẹ̀ mí tán, ó fi mísíkì ra mí láyà títí dé orí ọmú. Ó ní ìyá ọmọ kò gbọ́dọ̀ máa rùn wàrà bí ẹni tó ń bá Fúlàní gbé. Mo gbé Sàídì sọ́mú, ọmọ yí orí padà. Mo tún gbé e, ó figbe ta. Ó ké títí ohùn rẹ̀ fi há. Àwọn ará ilé ní inú ló ń run ún, wọ́n ń wá àgbo kiri. Ṣé ẹ mọ ohun tó mú un dákẹ́? Ìró mi àná tí n kò tíì fọ̀, tó wà ní igun yàrá. Wọ́n tẹ́ ẹ sórí rẹ̀ bẹ́ẹ̀, ó fi imú wọ́ ìró náà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í la ẹnu kiri bí ẹni tó ń wá nǹkan. Mo sáré lọ fi ọṣẹ dúdú bó àyà mi. Nígbà tí mo padà dé, ó gba ọmú.

Mo ní, "Ìyálé mi, mísíkì yín ni ọmọ kọ̀."

Ó ní, "Ọmọ wo ló kọ òórùn dídùn? Ìwọ ni o kò ní wàrà."

Ẹ ò rí nǹkan! Mo fi ẹjọ́ sun ọkọ wa, Yésúfù, tó ń ránṣọ ní ìsọ̀ rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọjà. Ó yọ abẹ́rẹ́ lẹ́nu, ó ní, "Sùúrù, ẹ máa ṣe sùúrù." Ọkùnrin yẹn, bí òrùlé bá ń jó lórí rẹ̀, sùúrù ni yóò kọ́kọ́ ké sí kó tó ké sí omi.

Ohun tó jọ mí lójú jù ni pé obìnrin tó kórìíra òórùn tó bẹ́ẹ̀ tún ń sin ewúrẹ́. Ewúrẹ́ pupa kan ni, ogún ìyá rẹ̀ ni, kò sì sí ohun tí a lè sọ tí yóò fi tà á. Ohun tó ṣe ni pé ó máa ń wọ́n lọ́fíńdà sí ẹnu ọ̀nà àtíbàbà tí ewúrẹ́ náà ń sùn sí. Ewúrẹ́ bá kó kúrò níbẹ̀, ó ń wá sùn sábẹ́ fèrèsé mi. Èmi ni mo ń gbọ́ òórùn rẹ̀, èmi ni mo ń gbọ́ bó ṣe ń húkọ́. Nígbà tí mo sọ̀rọ̀, ìyálé mi ní ewúrẹ́ náà fẹ́ràn mi ni.

Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ gan-an ṣẹlẹ̀ ní nǹkan bí ọdún kan kí a tó gba òmìnira. Ìyálé mi ní ọmọbìnrin kan, Morẹ́nikẹ́. Èmi kì í pè é bẹ́ẹ̀, nítorí ó ti wà nínú ilé kí n tó dé. Ẹ̀yinfúnjowó ni mo ń pè é. Ọmọ gidi ni. Ó ti bá mi pọn gbogbo àwọn ọmọ mi. Káfíńtà kan láti Kúdẹtì, Ọláyíwọlá, ń fẹ́ ẹ, wọ́n ti ṣe ìdána, ó ku kí wọ́n so yìgì ní oṣù tó ń bọ̀. Ẹ̀yinfúnjowó ti ń fi orin fọ abọ́. Inú gbogbo wa dùn.

Àsìkò yẹn náà ni ewúrẹ́ pupa lóyún. Ẹ mọ bí ewúrẹ́ Ìbàdàn ti rí, wọn á jáde láàárọ̀, wọn á wálé nírọ̀lẹ́, kò sẹ́ni tó ń bi wọ́n pé níbo ni wọ́n lọ. Ó jáde lọ pẹ̀lú oyún nínú òjò, kò wá sílé lọ́jọ́ náà. Nígbà tó dé ní ọjọ́ kejì, ọmọ dúdú kan tó ní funfun níwájú orí ń ta gẹ́gẹ́ tẹ̀ lé e. Ojú ẹnikẹ́ni kò tó o níbi tó gbé bímọ. Kò jẹ́ nǹkan kan lójú wa nígbà náà.

Nígbà tó ṣe díẹ̀, ìyá Ọláyíwọlá, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Adéyẹ́misí, wá bá wa sọ̀rọ̀ lórí ètò yìgì. A tẹ́ ẹní fún un, a gbé omi fún un. Bí ó ti fẹ́ mu omi, ọmọ ewúrẹ́ dúdú sáré kọjá ní àgbàlá. Adéyẹ́misí gbé ife sílẹ̀.

Ó ní, "Ẹran mi nìyẹn."

Ìyálé mi rẹ́rìn-ín, ó rò pé eré ni. Kì í ṣe eré. Ewúrẹ́ Adéyẹ́misí náà ti bímọ lọ́sẹ̀ mélòó kan sẹ́yìn, ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà, dúdú tó ní funfun níwájú orí, sì ti sọnù. A ní ewúrẹ́ wa ló bí èyí. Ó ní ta ló rí i níbi tó gbé bí i. A ní òun ló ń mu lọ́mú. Ó ní ta ni ẹlẹ́rìí, àfi àwa ará ilé kan náà? Ó dìde, kò mu omi mọ́.

Ó ní, "Ìyá Morẹ́nikẹ́, ẹ má bínú. Ọmọkùnrin kan ṣoṣo ni mo bí. Mi ò lè fẹ́ ìyàwó fún un nílé tí wọ́n ti ń jí ẹran. Ẹ dá ẹran mi padà, kí ẹ sì sọ bó ṣe dé ọ̀dọ̀ yín, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, kò sí yìgì."

Ìyàwó tí wọ́n kọ̀ sílẹ̀ kí wọ́n tó so yìgì, nítorí pé ìyá rẹ̀ jalè! Ta ni yóò tún wá fẹ́ ẹ ní gbogbo Ìbàdàn? Ẹ̀yinfúnjowó wọ yàrá, kò jáde jẹun. Ọkọ wa ní kí a gbé ẹran náà fún obìnrin náà, kí a ṣe sùúrù, ẹran mélòó ni.

Ìyálé mi yí sí i. "Bí mo bá gbé e fún un, ṣé ẹni tí kò jí nǹkan ló ń dá nǹkan padà?"

Òtítọ́ ni. Fún ìgbà àkọ́kọ́ nínú ọdún mélòó kan, mo wà lẹ́yìn rẹ̀. Kò jẹ́ kó pẹ́ títí.

Mọ́gàjí agbo ilé wa gbọ́ ẹjọ́ náà. Ó ní ènìyàn lè purọ́, ẹran kì í jẹ́rìí èké. Ó ní lẹ́yìn ìrun Jímọ̀ọ̀, kí wọ́n so ewúrẹ́ méjèèjì mọ́lẹ̀ níta ilé, kí wọ́n mú ọmọ náà wá sí àárín wọn. Èyí tó bá fún un lọ́mú ni ìyá rẹ̀. Ó ní kí a yà á kúrò lọ́dọ̀ ewúrẹ́ pupa láti alẹ́ Ọjọ́bọ̀ kí ebi lè pa á dáadáa. Adéyẹ́misí fọwọ́ sí i. Ọ̀rọ̀ ti tán, èmi rò bẹ́ẹ̀. Kí ló kù? Kí a kàn dúró jẹ́ẹ́, kí a má fọwọ́ kan nǹkan kan.

Mo jáde lọ ra èlò ọbẹ̀ ní Bẹẹrẹ láàárọ̀ Jímọ̀ọ̀ náà. Nígbà tí mo fi padà dé, àwọn èèyàn ti ń bọ̀ láti mọ́sálásí, Mọ́gàjí ti jókòó. Mo wọlé kí n lọ gbé ọmọ ewúrẹ́ náà, òórùn sì pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà yàrá ìyálé mi. Ẹ̀yin ará mi! Ó ti fi ọṣẹ dúdú àti kàìnkàìn wẹ ẹran náà. Ó ti fi èéfín tùràrí fín in. Ó ti fi mísíkì pa á láti orí dé ìrù, ó da lọ́fíńdà lé e. Bí mo ṣe sún mọ́ ọn, mo rí i pé ó ti lé tìróò fún un.

Mo káwọ́ lérí. "Ìyálé mi, kí lẹ ṣe yìí?"

"Mo wẹ̀ ẹ́ ni. Yàrá mi ló sùn. Ṣé kó máa rùn níwájú àna mi?"

"Wọ́n fẹ́ kí ìyá rẹ̀ dá a mọ̀ ni o!"

"Ìyá rẹ̀ kò lójú ni?"

"Ṣé ojú ni ewúrẹ́ fi ń mọ ọmọ?"

"Kí ló tún fi ń mọ̀ ọ́n? Ewúrẹ́ tó ń rí èèpo iṣu láti ìkángun àdúgbò!" Ó gbé e lé apá. "Kúrò lọ́nà, ìyàwó. Òórùn rẹ̀ ti wá dùn báyìí. Inú ìyá rẹ̀ yóò dùn sí i."

Kí ni mo lè ṣe? Mo tẹ̀ lé e.

Wọ́n ti so ewúrẹ́ pupa mọ́ igi lápá kan, ọmú rẹ̀ kún débi pé ó ń ya ẹsẹ̀ dúró. Ewúrẹ́ Adéyẹ́misí, tí òun jẹ́ funfun, wà lápá kejì, ó ń jẹ èèpo iṣu. Wọ́n sọ ọmọ náà kalẹ̀. Ebi ń pa á, ó sáré tààrà lọ sábẹ́ ewúrẹ́ pupa. Ìyálé mi ti ń wo ojú Adéyẹ́misí tẹ̀rín-tẹ̀rín. Ewúrẹ́ pupa tẹ orí ba, ó gbóòórùn rẹ̀ lábẹ́ ìrù, bí wọ́n ti máa ń ṣe, ó sín, ó sì kàn án dànù.

Ọmọ náà dìde, ó tún lọ. Ewúrẹ́ tún kàn án.

Àwọn èèyàn ní, "Háà!" Ọkọ wa wo ilẹ̀. Wọ́n mú un dé ọ̀dọ̀ ewúrẹ́ funfun, ìyẹn náà gbẹ́sẹ̀ kúrò fún un, ó ń jẹ èèpo iṣu rẹ̀ lọ.

Adéyẹ́misí ní, "Ẹ rí i? Kì í ṣe tirẹ̀. Wọ́n ti wẹ̀ ẹ́ kí temi má baà mọ̀ ọ́n mọ́ ni."

Ẹ wo ohun tí ìyálé mi fọwọ́ ara rẹ̀ fà! Obìnrin yìí kò jí nǹkan rí láyé rẹ̀, ó wá fi ìgò lọ́fíńdà sọ ara rẹ̀ di olè ní gbangba, níwájú Mọ́gàjí. Mo fẹ́ sunkún, mo sì fẹ́ fi ọwọ́ gbá a lẹ́yìn lẹ́ẹ̀kan náà. Òun fúnra rẹ̀ la ẹnu sílẹ̀, ó ń wo ewúrẹ́ náà bí ẹni pé ọmọ ìyá rẹ̀ ló dà á.

Adéyẹ́misí kò dúró gbọ́ ohun tí Mọ́gàjí fẹ́ sọ. Ó gbé ọmọ ewúrẹ́ náà mọ́ abíyá, ó ń lọ sílé rẹ̀. Ó yà sí kọ̀rọ̀ ilé, a kò rí i mọ́. Ìgbà náà ni ọmọ náà ké láti ẹ̀yìn ògiri, "Mẹ̀ẹ́ẹ́!"

Ewúrẹ́ pupa gbé orí sókè. Etí rẹ̀ méjèèjì nà. Ewúrẹ́ funfun kò tilẹ̀ dẹ́kun jíjẹun. Ọmọ tún ké, ewúrẹ́ pupa sì figbe dáhùn, ó fa okùn títí ó fi já, ó sì gba àárín àwọn àgbà kọjá, ó da omi àlùwàlá Mọ́gàjí nù. A sá tẹ̀ lé e. Ó ti bá Adéyẹ́misí ní kọ̀rọ̀, ó ń fi orí ti ìró rẹ̀, ó ń pariwo. Ẹ̀rù ba obìnrin náà, ó sọ ọmọ kalẹ̀. Ewúrẹ́ bẹ̀rẹ̀ mọ́ ọn, ó gbóòórùn rẹ̀, ó sì tún kàn án!

Ó wá ń sáré kiri inú kọ̀rọ̀, ó ń pe ọmọ rẹ̀, ọmọ rẹ̀ sì wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ó ń dá a lóhùn. Bí ó bá gbọ́ ohùn, á sáré padà. Bí ó bá gbóòórùn, á lé e. N kò rí ohun tó dunni, tó tún ń múni bínú bẹ́ẹ̀ rí.

Mọ́gàjí dúró, ó fi ọ̀pá tilẹ̀. "Etí rẹ̀ ń pè é, imú rẹ̀ ń lé e. Irú kí nìyí?"

Ara mi kò gbà á mọ́. Ìyàwó kì í pariwo níwájú Mọ́gàjí, ṣùgbọ́n mo pariwo. "Ìyálé mi, mísíkì yín ni! Ohun tó ṣe Sàídì nìyẹn! Ẹ̀yin lẹ fi ọmọ pamọ́ fún ìyá rẹ̀! Òórùn tó dùn mọ́ yín nímú, kò dùn mọ́ ọn!"

Mo rò pé yóò dá mi lóhùn bó ti máa ń ṣe. Ṣùgbọ́n ó wo ọmọ ewúrẹ́ tí tìróò ti ń ṣàn lójú rẹ̀. Ó wo òkè, níbi tí Ẹ̀yinfúnjowó ti yọjú láti fèrèsé, tí ojú rẹ̀ wú. Ó gbé ọmọ ewúrẹ́ náà, ó gba ẹ̀yìnkùlé lọ, a tẹ̀ lé e, Adéyẹ́misí náà tẹ̀ lé e. Abẹ́ fèrèsé mi ló lọ, níbi tí ewúrẹ́ pupa ń sùn sí, tí ìtọ̀ rẹ̀ ti rin ilẹ̀. Kúlúsúmù oní-lọ́fíńdà, nínú bùbá funfun tó wọ̀ fún Jímọ̀ọ̀, kúnlẹ̀ síbẹ̀. Ó fi ọwọ́ méjèèjì bu ilẹ̀ náà, ìtọ̀, ìgbẹ́ àti gbogbo rẹ̀, ó ń fi ra ọmọ ẹran náà lára. Omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Bóyá òórùn ló fà á, bóyá nǹkan mìíràn ni.

Mo ní, "Ẹ fi sábẹ́ ìrù, ibẹ̀ ló ń gbóòórùn."

Ó ní, "Gbẹ́nu ẹ dákẹ́, ìyàwó," ó sì fi sábẹ́ ìrù.

Ó ní kí ẹnì kan bá òun fún wàrà ewúrẹ́ náà, kí òun fi kún un. Èmi ni mo fún un. Ewúrẹ́ náà kò dúró, ó ń ta ẹsẹ̀. Mo wo ẹ̀yìn pé ta ni yóò bá mi dì í mú, ọkọ wa ti sún kúrò nítorí aṣọ rẹ̀. Adéyẹ́misí ló bọ́ síwájú. Ó ká ìró rẹ̀, ó di ìwo ewúrẹ́ mú. Bẹ́ẹ̀ ni àwa obìnrin mẹ́ta wà nínú ẹ̀gbin yẹn.

Ewúrẹ́ kò gbà á lójú ẹsẹ̀. Ó gbóòórùn rẹ̀, ó yí orí, ó tún gbóòórùn rẹ̀. A jókòó tì wọ́n. Oòrùn ti ń lọ sẹ́yìn Mápó kí ó tó dúró jẹ́ẹ́, tó fi imú sí ìdí ọmọ náà, tó bẹ̀rẹ̀ sí í kùn lọ́fun, hùn, hùn, bí wọ́n ti máa ń ṣe fún ọmọ wọn nìkan. Ọmọ náà kó sábẹ́ rẹ̀, ìrù rẹ̀ ń gbọ̀n rìrì. Ó ń mu.

Adéyẹ́misí wò ó títí. Ó wá ní, "Mo rí funfun níwájú orí rẹ̀ ni, Ìyá Morẹ́nikẹ́. Ojú ni mo fi wò ó." Ó kúnlẹ̀, obìnrin tó ṣàgbà mi bẹ́ẹ̀, ó ní kí wọ́n forí jin òun, yìgì kò yẹ̀. Ẹran tirẹ̀, títí di òní, a kò mọ ohun tó ṣe é. Bóyá odò Kúdẹtì ló gbé e lọ nínú òjò.

Ẹ lè rò pé ìyálé mi kọ́gbọ́n. Ní ọjọ́ kejì, ó tún wọ́n lọ́fíńdà sí ẹnu ọ̀nà àtíbàbà. Mo wò ó. Ó ti rẹ̀ mí.

Ọjọ́ yìgì dé. Ìyálé mi ní ìgò lọ́fíńdà kan tí ẹnì kan bá a mú bọ̀ láti Mẹ́kà, tó ti fi pamọ́ de ọjọ́ náà láti ìgbà tí ọmọ rẹ̀ ti ń rá. Gbogbo agbo ilé ló mọ̀ nípa ìgò náà. A ti wẹ Ẹ̀yinfúnjowó, a ti wọṣọ fún un, ó kúnlẹ̀ níwájú ìyá rẹ̀. Ìyálé mi ṣí ìgò, òórùn rẹ̀ gba yàrá kan. Ó fi imú kan ọmọ náà lẹ́yìn etí, bó ti fi kan èmi lọ́jọ́ tí mo wọlé. Ó pẹ́ níbẹ̀. Ó pẹ́ débi pé mo rò pé ara rẹ̀ kò yá. Nígbà tó gbé orí sókè, ó dé ìgò náà padà.

Mo ní, "Ìyálé mi, ẹ ò dà á sí i ni?"

Ó ní, "Kó máa lọ bẹ́ẹ̀. Bó bá padà wá, kí n lè mọ̀ ọ́n."

Ẹ̀yinfúnjowó bú sẹ́kún, èmi náà bú sẹ́kún. Mo ń fi etí ìró nu ojú, àbíkẹ́yìn mi ń mu ọmú lọ́wọ́ mi, nígbà tí mo gbọ́ pé ìgò náà tún ṣí. N kò tíì lè gbé orí sókè tí ohun tútù fi ń ṣàn sí mi láyà. Ọmọ já ọmú sílẹ̀, ó yí ojú kúrò, ó figbe ta.

"Ìyálé mi!"

"Ṣe sùúrù," ó ní, ó ń gbọn èyí tó kù nínú ìgò sí mi lórí. "Yóò mọ̀ ọ́ tó bá yá. Ìwọ kò kúkú lọ síbì kankan."